Doubles àwọn obìnrin kìí ṣe ibi tí wọ́n ń kó ẹni tó jábọ́ ní singles sí

Ọ̀rọ̀ yìí ti sú mi. Tí Wimbledon tàbí US Open bá ti dé, tí wọ́n ń fi tẹníìsì hàn nílé tẹ́tẹ́ àti ní ṣọ́ọ̀bù onígbàjámọ̀ lágbègbè Ọláìyá níbí, gbàrà tí obìnrin mẹ́rin bá ti yọ lórí pápá fún doubles, ìyẹn eré ẹni méjì sí méjì (singles ni ti ẹnìkan sí ẹnìkan), lẹnìkan á ti sọ ọ́: àwọn tí wọ́n lé kúrò ní singles nìyẹn, wọ́n kàn ní kí wọ́n máa gbá doubles kí wọ́n lè rówó ọkọ̀ lọlé. Àwọn tó kù á sì gbà fún un.

Mi ò tiẹ̀ fẹ́ pẹ́ lórí Venus àti Serena Williams, gbogbo wa la mọ̀ ọ́n. Àṣekágbá Grand Slam (ìdíje mẹ́rin tó tóbi jù ní tẹníìsì: ti Ọsirélíà, French Open, Wimbledon àti US Open) 14 ni wọ́n jọ dé ní doubles, 14 náà ni wọ́n gbà. Ní 2012, ọjọ́ kan náà tí Serena gba ife singles ní Wimbledon ló gba ti doubles pẹ̀lú ẹ̀gbọ́n ẹ̀. Barbora Krejčíková náà gba méjèèjì ní French Open 2021. Ó yẹ kọ́rọ̀ parí síbẹ̀, àmọ́ kìí parí.

Lójú tèmi, ohun tí wọn ò mọ̀ ni pé ipò méjì ni oníkálukú ní lágbàáyé. Ti singles lọ́tọ̀, ti doubles lọ́tọ̀, àwọn WTA, ẹgbẹ́ tó ń darí tẹníìsì àwọn obìnrin, kìí dà á pọ̀. Ipò doubles yẹn gan-an, kìí ṣe àwọn méjèèjì ló jọ ni ín, ẹnìkọ̀ọ̀kan ló ní tiẹ̀, tí wọ́n bá pínyà lónìí oníkálukú á gbé tiẹ̀ lọ bá ẹlòmíì. Ẹ wo Martina Hingis, ó gba Grand Slam doubles mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ní 1998, Mirjana Lučić ló bá gbá ti Ọsirélíà, Jana Novotná ló wá bá gbá mẹ́ta tó kù. Tí wọ́n bá fẹ́ to àwọn tó máa gbá ìdíje kan, wọ́n máa ń ro ipò doubles àwọn méjèèjì tó jọ ń gbá pọ̀ ni, òun ni wọ́n fi ń mọ àwọn tó máa wà lókè. Àmọ́ láti wọlé sí Grand Slam, wọ́n gbà kéèyàn lo ipò singles ẹ̀ tó bá dáa ju ti doubles lọ, ibẹ̀ gan-an ni ìdàrúdàpọ̀ ti wá, torí gbajúmọ̀ singles lè wọlé wẹ́rẹ́ láì gbá doubles rárá lọ́dún yẹn, àwọn tó ń wòran á wá rò pé singles ni gbòǹgbò tí doubles ti hù jáde.

Ẹ wo Cara Black, ọmọ Zimbabwe, ọmọ Áfíríkà bíi tiwa. Ní singles kò ga ju ipò 31 lọ, ní doubles ó di ẹni àkọ́kọ́ lágbàáyé, ó gba Wimbledon ní 2004, 2005 àti 2007. Ibo ló ti jábọ́?

Lóòótọ́, tí àwọn méjì kan bá yọwọ́ nínú doubles, ẹni tó ti pàdánù ní singles lè rí àyè wọlé. Lóòótọ́ owó ò dọ́gba rárá: ní Wimbledon 2024, mílíọ̀nù 2.7 pọ́n-ùn lẹni tó gba singles gbà, àwọn méjì tó gba doubles pín 650,000. Mi ò bá ẹni tó bá ní singles lowó wà jiyàn. Pé wọ́n jẹ́ aláìmọ̀ọ́gbá ni mi ò gbà.

Eré ọ̀tọ̀ ni. Pápá singles fẹ̀ tó mítà 8.23, ti doubles jẹ́ 10.97, ẹnìkan sì ti dúró sí ẹ̀gbẹ́ nẹ́ẹ̀tì tó fẹ́ já bọ́ọ̀lù yín gbà lójú afẹ́fẹ́. Ẹni tó mọ orin dá lè má mọ ègbè gbè.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ sì ń ta tẹ́tẹ́, ẹ jọ̀ọ́ ẹ tẹ́tí. Ní US Open 2022, Venus àti Serena tún gbá doubles pọ̀, wọn ò tíì ṣe é láti 2018, Serena ti ń súnmọ́ ọdún 41, Venus ti pé 42. Lucie Hradecká, tó ti gba Grand Slam doubles méjì rí, àti Linda Nosková ọmọ ọdún 17 lé wọn jáde ní ìpele àkọ́kọ́, 7-6, 6-4. Ẹni tó bá fi orúkọ nìkan ta á ti pàdánù owó ẹ̀. Mi ò sọ pé gbajúmọ̀ kìí wọlé o, Coco Gauff gba French Open doubles ní 2024, àmọ́ Kateřina Siniaková tó mọ doubles dunjú ló bá gbá a, nítorí náà ó lè jẹ́ pé àpapọ̀ méjèèjì ló ń ṣiṣẹ́, mi ò fẹ́ fọwọ́ sọ̀yà.

Ìdíje WTA tí kìí ṣe Grand Slam ló tún léwu jù. Níbẹ̀, tó bá di 40-40, tí àmì wọn dọ́gba nínú gémù, bọ́ọ̀lù kan ṣoṣo ló ń pinnu gémù, tí sẹ́ẹ̀tì bá sì di ọ̀kan-ọ̀kan wọn kìí gbá ẹ̀kẹta, àwọn tó bá kọ́kọ́ ní àmì 10 tí wọ́n fi méjì ju àwọn kejì lọ ló wọlé. Bọ́ọ̀lù bíi mẹ́ta péré lè yí gbogbo ẹ̀ padà. Kẹ́ ẹ tó fowó sílẹ̀, ẹ wo ipò doubles wọn, ẹ wo bó ṣe pẹ́ tó tí wọ́n ti jọ ń gbá. Tó bá jẹ́ ipò singles nìkan lẹ rí kà, ẹ fi tíkẹ́ẹ̀tì yẹn sílẹ̀.