John Deacon

John Richard Deacon, tí a bí ní ọjọ́ 19 oṣù Kẹjọ ọdún 1951, jẹ́ olórin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó ta gìtá báàsì fún ẹgbẹ́ orin rọ́ọ̀kì Queen láti ọdún 1971 títí di ọdún 1997. Nínú àwọn mẹ́rin tí ayé mọ̀ mọ́ ẹgbẹ́ náà, òun ló kéré jù lọ́jọ́ orí, òun ló sì wọlé kẹ́yìn. Freddie Mercury ni aṣáájú akọrin, Brian May ló ń ta gìtá, Roger Taylor sì ni onílù. Àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta wọ̀nyí a máa kọrin, ṣùgbọ́n Deacon gbà pé òun kò lóhùn orin, kò sì sí orin kan tí ó léwájú nínú àwọn àwo Queen. Síbẹ̀, méjì nínú orin tí wọ́n fi mọ Queen jù káàkiri ayé, òun nìkan ló kọ wọ́n.

Ìlú Leicester ni wọ́n bí i sí, Oadby tó wà nítòsí ibẹ̀ ló sì ti dàgbà. Bàbá rẹ̀ kú nígbà tí ó wà ní ọmọ ọdún 11. Láti kékeré ni ó ti fẹ́ràn títú ẹ̀rọ àti títún un tò, ó sì máa ń gba orin sílẹ̀ láti orí rédíò. Ní ọdún 1965, òun àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ dá ẹgbẹ́ kan sílẹ̀ tí wọ́n pè ní The Opposition. Gìtá lásán ló kọ́kọ́ ń ta níbẹ̀, kí ó tó bọ́ sídìí báàsì nígbà tí ẹni tó ń ta á kúrò. Ní ọdún 1969, ó lọ sí Chelsea College ní Lọ́ńdọ̀nù láti kẹ́kọ̀ọ́ nípa ẹ̀rọ ẹlẹ́tíróníìkì, ó sì gba oyè ìpele kìíní ní ọdún 1971.

Ọdún 1971 kan náà ni ó dara pọ̀ mọ́ Queen, lẹ́yìn tí àwọn onígìtá báàsì mẹ́ta ti wá, tí wọ́n sì ti lọ. Nígbà tí àwo àkọ́kọ́ ẹgbẹ́ náà jáde ní ọdún 1973, ṣe ni wọ́n yí orúkọ rẹ̀ po, tí wọ́n kọ ọ́ sára rẹ̀ bíi "Deacon John". Ó ní kí wọ́n má ṣe bẹ́ẹ̀ mọ́.

Ìmọ̀ ẹ̀rọ tó kọ́ kò ṣòfò. Ní nǹkan bí ọdún 1972, ó rí pátákó ẹ̀rọ kan tí wọ́n ti jù sínú pàǹtí ní òpópónà Lọ́ńdọ̀nù. Ó gbé e lọ sílé, ó tò ó sínú àpótí sípíkà kékeré kan, ó sì fi bátìrì sí i láti máa gbé ohùn gìtá jáde. May ló wá sọ ọ́ di tirẹ̀. Ẹ̀rọ yìí, tí wọ́n ń pè ní Deacy Amp, ló fi ta gìtá tó ń dún bíi kàkàkí àti fèrè nínú orin "Good Company" ti ọdún 1975.

"Misfire", tó wà nínú àwo ọdún 1974, ni orin rẹ̀ àkọ́kọ́ tí Queen gbé jáde. Ọdún tó tẹ̀ lé e ni "You're My Best Friend" dé, èyí tó kọ fún ìyàwó rẹ̀, Veronica, tí wọ́n ṣègbéyàwó ní oṣù Kìíní ọdún 1975. Mercury kò fẹ́ràn dùùrù oníná tí orin náà nílò, nítorí náà Deacon tẹ̀ ẹ́ fúnra rẹ̀.

Orin tó gbé e ga jù ni "Another One Bites the Dust" ti ọdún 1980. Gìtá báàsì ló ṣáájú nínú rẹ̀: ohùn ìsàlẹ̀ díẹ̀ tó ń yí padà sórí ara rẹ̀, tí ìlù sì ń tẹ̀ lé e gbẹrẹfu, láìsí ariwo gìtá tí àwọn olólùfẹ́ rọ́ọ̀kì ń retí. Orin àwọn aláwọ̀ dúdú Amẹ́ríkà ni Deacon ń gbọ́ nígbà náà, pàápàá ti ẹgbẹ́ Chic, kò sì fi bò pé ibẹ̀ ni ìmísí náà ti wá. Taylor kò fara mọ́ ọn tó bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n Michael Jackson gbà wọ́n nímọ̀ràn pé kí wọ́n gbé e jáde lọ́tọ̀. Ó wà ní ipò kìíní ní Amẹ́ríkà fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta.

Ẹni tó dá ohùn báàsì inú "Under Pressure" sílẹ̀, tí Queen àti David Bowie gbà sílẹ̀ ní ìlú Montreux ní Switzerland ní ọdún 1981, ṣì jẹ́ ọ̀rọ̀ àríyànjiyàn. May àti Taylor ní Deacon ni, wọ́n tilẹ̀ sọ pé ó gbàgbé rẹ̀ nígbà tí wọ́n jáde lọ jẹun, kí wọ́n tó rán an létí. Deacon ní tirẹ̀ ti sọ rí pé Bowie ló dá a sílẹ̀. Ní ọdún 1984, "I Want to Break Free" tẹ̀ lé e, orin tòun náà ni.

Ikú Mercury ní oṣù Kọkànlá ọdún 1991 dùn ún dé egungun. Ó ṣeré níbi ìrántí rẹ̀ ní pápá Wembley ní ọdún 1992, ó sì bá àwọn yòókù parí àwo *Made in Heaven* tó jáde ní ọdún 1995. Ìgbà ìkẹyìn tó bá May àti Taylor ṣeré níwájú èrò ni ti Paris ní oṣù Kìíní ọdún 1997, tí Elton John kọrin níbẹ̀. Lẹ́yìn orin kan tí wọ́n gbé jáde lọ́dún yẹn, ó fiṣẹ́ sílẹ̀. Nígbà tí wọ́n gba Queen wọ Rock and Roll Hall of Fame, ilé tí wọ́n fi ń bu ọlá fún àwọn gbajúmọ̀ olórin rọ́ọ̀kì ní Amẹ́ríkà, ní ọdún 2001, kò lọ. May àti Taylor ń bá ìrìn àjò ẹgbẹ́ náà lọ pẹ̀lú àwọn akọrin mìíràn, ṣùgbọ́n Deacon, bàbá ọlọ́mọ mẹ́fà, kò tún gun orí ìtàgé pẹ̀lú wọn mọ́.