Ẹyẹ tó ń tẹ̀lé ìjàlọ, kì í ṣe ìjàlọ ló ń jẹ o

Tí èèyàn bá ti gbọ́ pé ẹyẹ kan ń tẹ̀lé ìjàlọ nínú igbó, ohun tó máa ń kọ́kọ́ sọ ni pé "ẹn-ẹ́n, ìjàlọ ló ń jẹ nìyẹn." Rárá o. Ta ló máa wá fi ìjàlọ ṣe oúnjẹ? Ẹnu ẹ̀ mú bí abẹ, kò lẹ́ran lára, tó bá sì ti bu nǹkan jẹ ó lè má tú u sílẹ̀, kódà kí wọ́n já ara ẹ̀ kúrò lára orí. Ẹyẹ tí gbogbo ara ẹ̀ wúwo bíi 20 gíráàmù péré ò lè máa bá irú ẹ̀ fa wàhálà. Àwọn tó ń sá fún ìjàlọ ló ń jẹ, ibẹ̀ gan-an ni ọgbọ́n wà, ibẹ̀ náà ni wọ́n sì máa ń fò tí wọ́n bá ń sọ ọ́, ó ń bíni nínú.

Ẹ jẹ́ ká mú ẹyọ kan nínú wọn, White-starred Robin, tí àwọn onísáyẹ́ǹsì ń pè ní Pogonocichla stellata. Inú igbó òjò orí òkè ló sábà máa ń gbé, nísàlẹ̀ níbi tí ilẹ̀ ti ṣú, láti South Sudan wá sí Òkè Kenya, sí Usambara ní Tanzania, ó gba Malawi àti Zimbabwe dé South Africa. Orí ẹ̀ rí bí eérú, àyà àti ikùn ẹ̀ yẹ́lò, ẹ̀yìn ẹ̀ láwọ̀ ewé. Ọ̀rọ̀ ìtẹ́ àti ẹyin, ẹ jẹ́ ká fi sílẹ̀ jàre, gbogbo ẹyẹ ló ń yé ẹyin.

Ìṣòro abẹ́ igbó ni pé oúnjẹ pọ̀ níbẹ̀ ṣùgbọ́n kò ṣeé rí. Tata tó jọ ewé jókòó sórí ewé, àfòpiná tó jọ èèpo igi lẹ̀ mọ́ èèpo igi, ìrẹ̀ àti aláǹtakùn wà lábẹ́ ewé gbígbẹ, kò sẹ́ni tó mira. Ẹyẹ yìí náà kì í sábà tanlẹ̀ kiri bí adìyẹ, ó máa ń bà sórí igi tẹ́ẹ́rẹ́ kan tí kò jìnnà sílẹ̀, á dúró jẹ́ẹ́, á máa wolẹ̀, tí nǹkan kan bá ti mira báyìí á já bọ́ lù ú, á gbé e, á padà sókè. Ìyẹn ni pé èyí tó pọ̀ jù nínú iṣẹ́ ẹ̀, ìdúró ni. Tí kòkòrò bá láwọn ò ní mira, ó parí.

Ibẹ̀ ni ìjàlọ ti wúlò. Dorylus lorúkọ ìran wọn, agbo kan lè tó mílíọ̀nù lọ́nà mélòó kan, àwọn òṣìṣẹ́ inú ẹ̀ ò sì lójú rárá, òórùn tí ẹni iwájú fi sílẹ̀ ni ẹni ẹ̀yìn ń tẹ̀lé. Wọ́n á tò bí okùn jáde látinú ilẹ̀, tó bá dé iwájú wọ́n á tú ká bí abẹ̀bẹ̀, wọ́n á máa wọ abẹ́ ewé, inú ihò, abẹ́ èèpo igi, wọn ò ní fo ibì kankan. Kòkòrò tó bá dúró, ó ti kú. Èyí tó bá sá, ó ti mira, ẹ sì rántí ẹni tó ń wolẹ̀ látòkè.

Ó dà bí ìgbà tí wọ́n bá fọ́n oògùn aáyán sábẹ́ kọ́bọ́ọ̀dù. Aáyán tí onílé rò pé kò ju méjì lọ, ṣàdédé ni wọ́n tú jáde bí èrò ọjà, èyí ń gun ògiri, èyí ń sá gba abẹ́ ilẹ̀kùn. Ẹ wá ro ti ẹnì kan tó dúró sẹ́nu ọ̀nà, kì í ṣe òun ló ra oògùn, kì í ṣe òun ló fọ́n ọn, kò wúkọ́, ó kàn ń ṣa èyí tó sanra níbẹ̀ ni (ẹ má bi mí pé kí ló fẹ́ fi aáyán ṣe). Oògùn yìí tún lẹ́sẹ̀ o, tó bá ti parí ilé kan á fúnra ẹ̀ rìn lọ sí ìkejì, kò sì gbowó. Àfi pé oògùn aáyán kì í bu ẹni tó wà lẹ́nu ọ̀nà jẹ, ìjàlọ ń bunijẹ, ìdí nìyẹn tí ẹyẹ fi ń di igi tó nàró mú lókè wọn, tó bá sọ̀kalẹ̀ kò ní pẹ́ rárá, ó ti gbé e, ó ti lọ.

Ibi téèyàn dúró sí ló wá kù. Iwájú, níbi tí abẹ̀bẹ̀ yẹn ti fẹ̀, ni ẹran pọ̀ sí. Lẹ́yìn, ìjàlọ tó ń rẹrù lọ sílé nìkan ló wà níbẹ̀. Torí náà ìjà ò lè tán níwájú. Ní igbó Kakamega ní Kenya, àwọn ẹyẹ kan wà, bíi alethe, tó jẹ́ pé iṣẹ́ tí wọ́n yàn láàyò nìyí, wọ́n á máa wá ìjàlọ kiri. Robin wa ò ṣe tó bẹ́ẹ̀, tí ìjàlọ bá gba àdúgbò ẹ̀ kọjá á jẹ níbẹ̀, tí wọn ò bá wá á padà sórí igi ẹ̀ lọ dúró. Ẹnì kan lè ní kò mọṣẹ́ tó àwọn yẹn, ṣùgbọ́n lójú tèmi òun ló gbọ́n jù. Ẹyẹ tó gbára lé ìjàlọ pátá nílò igbó tó fẹ̀ débi pé lójoojúmọ́ agbo kan á ti jáde níbì kan, tí wọ́n bá gé igbó yẹn sí wẹ́wẹ́, ebi dé nìyẹn. Èyí tó níṣẹ́ méjì lọ́wọ́ á ṣì rí nǹkan fi sẹ́nu.

Ìràwọ̀ inú orúkọ ẹ̀ yẹn náà níṣẹ́ tó ń ṣe. Àmì funfun mẹ́ta ni, ọ̀kọ̀ọ̀kan níwájú ojú méjèèjì, ìkẹta nísàlẹ̀ ọ̀fun, ṣùgbọ́n lọ́pọ̀ ìgbà wọn kì í hàn torí ìyẹ́ eérú bò wọ́n. Tí ẹ̀rù bá bà á, tàbí tí òun àti ẹlòmíì bá kojú ara wọn, á ṣí wọn síta fìrí, nínú òkùnkùn abẹ́ igbó yẹn bí iná tọ́ọ̀ṣì ló rí. Àwọn ọmọ ò ní in. Ara wọn á kọ́kọ́ ní tótòtó, lẹ́yìn náà, níbi púpọ̀, wọ́n á wọ aṣọ aláwọ̀ ewé kan fúngbà díẹ̀ kí wọ́n tó gba ti àgbà. Àlàyé tó wọ́pọ̀ ni pé aṣọ yẹn ń bá wọn sọ fún àgbà pé "ẹ̀gbọ́n, mi ò bá yín du ilẹ̀ o," kí wọ́n má baà lu àwọn.

Ṣé ìjàlọ wá ń jèrè nínú ẹ̀? Ó pẹ́ tí wọ́n ti ń sọ pé ẹyẹ ò pa á lára, pé àjẹkù lẹyẹ ń jẹ. Ní Panama, níbi tí irú èèrà míì tó jọ ìjàlọ wà, àwọn olùṣèwádìí wò ó dáadáa, wọ́n tẹ èsì ẹ̀ jáde lọ́dún 2005 pé ohun tí ẹyẹ ń gbé lọ ń dín ohun tí èèrà ń mú délé kù. Olè ni, kì í ṣe alájẹkù. Ṣùgbọ́n bá a ṣe sọ lẹ́ẹ̀kan, òṣìṣẹ́ ìjàlọ ò lójú, òórùn ilẹ̀ ló mọ̀, ẹyẹ tó sì wà lókè orí ẹ̀ ò fẹsẹ̀ tẹ ọ̀nà, báwo ló ṣe máa mọ̀ pé wọ́n ń ja òun lólè?