Kí Ni Ẹni Tí Ń Kọ Orin Sílẹ̀ Ń Jẹ? Akin Euba àti Iṣẹ́ Rẹ̀

Ìbéèrè kan wà tí àwọn òbí sábà máa ń bi àwa tí a ń kọ́ ọmọ ní dùrù: bí ọmọ àwọn bá sọ pé iṣẹ́ kíkọ orin sílẹ̀ lòun fẹ́ ṣe, kí ni yóò máa jẹ? Wọn kì í béèrè bẹ́ẹ̀ nípa olórin jùjú tàbí onífújì, nítorí pé ojú wọn ni wọ́n ṣe ń lẹ owó mọ́ onítọ̀hún níwájú orí. Orin tí mo ń wí yìí yàtọ̀. Inú ìwé ni ẹni tó ṣẹ̀dá rẹ̀ ń kọ ọ́ sí, nóòtì kan tẹ̀lé òmíràn. Àwọn ẹlòmíràn ni yóò fi píánò, fayolíìnì tàbí ohùn ẹgbẹ́ akọrin gbé e jáde nínú gbọ̀ngàn tí gbogbo èèyàn ti jókòó jẹ́ẹ́, ó sì ṣeé ṣe kí ẹni tó kọ ọ́ wà ní ìlú mìíràn pátápátá nígbà tí wọ́n bá ń pàtẹ́wọ́. Ìgbésí ayé ẹnì kan ni mo fẹ́ fi dáhùn ìbéèrè náà: Ọ̀jọ̀gbọ́n Akin Euba, tí wọ́n bí ní Èkó ní ọjọ́ 28 oṣù kẹrin ọdún 1935, tó sì jáde láyé ní ọjọ́ 14 oṣù kẹrin ọdún 2020. Bí mo ṣe rí i sí, iṣẹ́ mìíràn ló máa ń bọ́ ẹni tí ń kọ orin, ṣùgbọ́n bí ó bá mọ iṣẹ́ náà yàn, iṣẹ́ yẹn náà ni yóò máa bọ́ orin rẹ̀.

Ilé ni Euba ti bẹ̀rẹ̀. Bàbá rẹ̀ ló kọ́kọ́ kọ́ ọ ní píánò, lẹ́yìn náà ni òyìnbó kan tó wà nídìí iṣẹ́ ìjọba ní Èkó, Major J. G. C. Allen, gbà á, tó sì tún ọwọ́ rẹ̀ ṣe. Ní 1952 ó gba London lọ, sí Trinity College of Music, níbi tí Arnold Cooke ti kọ́ ọ ní bí a ṣe ń ṣẹ̀dá orin. Ó yẹ kí n sọ ohun tí wọ́n ń kọ́ni níbẹ̀, nítorí pé ọ̀pọ̀ èèyàn rò pé ẹ̀mí ni ó máa ń gbé orin wá bá ẹni tí ń kọ ọ́. Wọ́n ń kọ́ akẹ́kọ̀ọ́ bí ohùn mẹ́rin ṣe lè máa rìn pọ̀, tí ìkọ̀ọ̀kan yóò ní ọ̀nà tirẹ̀, tí wọn kò sì ní tẹ ara wọn mọ́lẹ̀. Wọ́n ń kọ́ ọ láti kọ orin fún ohun èlò tí òun fúnra rẹ̀ kò lè fọwọ́ kàn: ó gbọ́dọ̀ mọ ibi tí ohùn fayolíìnì ń sọ̀kalẹ̀ dé kó tó tán, kó sì mọ̀ pé èèyàn ni ó ń fọn fèrè, pé èèyàn náà gbọ́dọ̀ rí àyè mí. Akẹ́kọ̀ọ́ tó bá gbàgbé èémí afọnfèrè, ọjọ́ ìdánrawò àkọ́kọ́ ni ojú yóò tì í. Ní 1957 Euba ti kọ orin fún àwọn olórin mẹ́rin tí ń fi ohun èlò olókùn dún pọ̀, ó sì ti gba ìwé ẹ̀rí tó ga jù ní ilé ẹ̀kọ́ náà.

Orin yẹn kò bọ́ ọ. Iléeṣẹ́ rédíò ìjọba, Nigerian Broadcasting Corporation, ló gbà á síṣẹ́ nígbà tó padà dé, ibẹ̀ ló sì wà títí di 1962. Ẹni tó bá mọ iṣẹ́ rédíò nígbà náà yóò mọ̀ pé ẹ̀ka orin kì í ṣe ibi tí wọ́n ti ń yí àwo nìkan. Wọ́n máa ń gba ohùn àwọn olórin ìbílẹ̀ sílẹ̀, wọ́n ń yan èyí tí ayé yóò gbọ́. Bí ó bá jẹ́ pé báńkì ni Euba lọ jókòó sí láti ìgbà náà, bóyá orin rẹ̀ ìbá wà bí orin akẹ́kọ̀ọ́ London títí dòní. Ní 1962, owó ìrànwọ́ Rockefeller Foundation gbé e lọ sí Yunifásítì California ní Los Angeles, ó sì gba oyè àkọ́kọ́ ní 1964 àti èkejì ní 1966. Ìmọ̀ nípa orin àwọn ẹ̀yà ayé ni ilé ẹ̀kọ́ náà lókìkí fún, wọ́n sì ń gbà á níyànjú níbẹ̀ pé kí onímọ̀ orin kọ́ láti lu ohun èlò tí ó ń kẹ́kọ̀ọ́ nípa rẹ̀. Lẹ́yìn rẹ̀ ni ó padà wálé, tó ń ṣe olùkọ́ ní Yunifásítì Èkó àti ti Ifẹ̀, tó sì kọ ìwé ìwádìí rẹ̀ lórí orin dùndún, èyí tó fi gba oyè ọ̀mọ̀wé ní Yunifásítì Ghana ní Legon ní 1974.

Kì í ṣe òun nìkan ni iṣẹ́ oṣù gbà là. Fela Sowande, tó dàgbà jù ú lọ, lu dùrù ní Kingsway Hall ní London fún ọdún mélòó kan, ó sì parí ayé rẹ̀ sídìí olùkọ́ ní Amẹ́ríkà. Ayọ̀ Bánkọ́lé, tí wọ́n bí ní ọdún kan náà pẹ̀lú Euba, ṣe olùkọ́ ní Yunifásítì Èkó kó tó di olóògbé ní 1976. Kí òbí má wo èyí bí àṣetì. Bákan náà ni ó rí fún ọ̀pọ̀ irú wọn ní Yúróòpù àti Amẹ́ríkà: dùrù ṣọ́ọ̀ṣì, kíláàsì yunifásítì, tàbí kíkó ẹgbẹ́ akọrin jọ ni wọ́n fi ń gbọ́ bùkátà.

Ìdí dùndún ni ọ̀rọ̀ wà gan-an. Kó tó kan Euba, àwọn olórin ṣọ́ọ̀ṣì ti ń bá wàhálà kan yí: àwọn míṣọ́nnárì ti fi ọ̀rọ̀ Yorùbá sí abẹ́ orin ìyìn ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, orin a máa gòkè níbi tí ọ̀rọ̀ ti ń sọ̀kalẹ̀, ìtumọ̀ a sì dojú rú lẹ́nu ìjọ. T. K. E. Phillips, tó lu dùrù ní Cathedral Church of Christ ní Marina, Èkó, láti 1914 títí di 1962, fi ọ̀pọ̀ ọdún wá ojútùú sí èyí, ó sì tẹ ìwé kan jáde lórí orin Yorùbá ní 1953. Ojútùú tirẹ̀ ni pé kí orin tẹ̀lé ohùn ọ̀rọ̀. Ó dára bẹ́ẹ̀ fún ẹni tó ní ọ̀rọ̀ tí yóò kọ. Ṣùgbọ́n orin tí kò ní ọ̀rọ̀ ńkọ́, tó jẹ́ píánò lásán? Ibẹ̀ ni Euba ti yà kúrò lójú ọ̀nà àwọn tó ṣáájú rẹ̀, tó sì gba ọ̀dọ̀ àwọn onílù lọ, nítorí pé ìlù ti ń sọ̀rọ̀ láìlo ẹnu ọjọ́ ti pẹ́.

Ẹ jẹ́ kí a wo ẹgbẹ́ onídùndún kan dáadáa. Ìyáàlù ni olórí. Òun ló ń sọ̀rọ̀, tó ń ki oríkì, tó ń pàṣẹ fún àwọn yòókù. Kẹríkẹrì, gángan, ìṣáájú àti kànnàngó wà lẹ́yìn rẹ̀, gúdúgúdú sì wà, èyí tí awọ bo ojú kan ṣoṣo rẹ̀, tí wọ́n fi ń kọ́ ọrùn, tí wọ́n ń fi awọ líle méjì nà. Àwọn ọmọ ìlù wọ̀nyí kì í yí ọ̀rọ̀ padà: ohun kékeré kan náà ni ọ̀kọ̀ọ̀kan ń tún lù, ṣùgbọ́n ọ̀kan kò bẹ̀rẹ̀ níbi tí èkejì ti bẹ̀rẹ̀, tí ó fi jẹ́ pé etí ń gbọ́ orin kan tí kò sí lọ́wọ́ ẹnì kankan nínú wọn. Nípa ti ìyáàlù, bí onílù bá ti fọwọ́ fún ọsán, ìyẹn okùn awọ tó so ojú ìlù méjèèjì pọ̀, ohùn yóò gòkè. Bí ó bá dẹ̀ ẹ́, yóò sọ̀kalẹ̀. Bí ó bá fẹ́ pe "àlá", kò ní kàn fò láti ìsàlẹ̀ sókè, ńṣe ni yóò fa ohùn náà gòkè díẹ̀díẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ẹnu wa ṣe ń fà á. Bí ó bá sì fẹ́ pe "rárà", yóò jẹ́ kí ohùn kejì yọ̀ wá sílẹ̀.

Píánò kò lè fa ohùn bẹ́ẹ̀. Ojú kan ni ohùn kíì kọ̀ọ̀kan dúró sí. Bí o tẹ̀ ẹ́, ó dún, ó sì ń kú lọ. Ohun tí ẹni tí ń kọ orin lè ṣe ni kó wá ọgbọ́n mìíràn: kó fi ọwọ́ òsì tún nǹkan kékeré kan lù léraléra bí gúdúgúdú, kó fi ọwọ́ ọ̀tún sọ̀rọ̀ lórí rẹ̀ bí ìyáàlù, kó lu kíì méjì tó fara kanra lẹ́ẹ̀kan náà kí ohùn lè ní ìhan tí awọ ní, kó sì máa lu píánò bí ìlù dípò kó máa rọra tẹ̀ ẹ́. Ọ̀nà ìkọrin yìí ni Euba fún lórúkọ ní èdè Gẹ̀ẹ́sì tó fi túmọ̀ sí píánò lílù ní ìlànà Áfíríkà, ó sì fi ọ̀pọ̀ ọdún kọ̀wé nípa rẹ̀. Kò dédé dé ibẹ̀. Ní 1963, nínú orin tó pè ní Igi Nla So, ó kọ́kọ́ gbé píánò sí àárín ìlù Yorùbá mẹ́rin, kí àwọn méjèèjì jọ sọ̀rọ̀. Nígbà tó fi di 1970, ó ti lè yọ ìlù kúrò pátápátá, kí píánò nìkan sì máa ṣe iṣẹ́ wọn nínú orin mẹ́ta tó para pọ̀ di Scenes from Traditional Life.

Orin mẹ́ta yìí le létí ẹni tó bá kọ́kọ́ gbọ́ wọn, n kò ní pa á mọ́. Ìdí rẹ̀ ni pé ìlù ibẹ̀ jẹ́ ti wa, ṣùgbọ́n ìlànà ohùn ibẹ̀ wá láti Vienna, níbi tí Arnold Schoenberg, tí òun náà ń kọ orin sílẹ̀, ti gbé e kalẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1920. Nínú ìlànà náà, wọn kì í jẹ́ kí ohùn kan di ọba lórí àwọn yòókù bí "do" ṣe jẹ́ ọba nínú orin ìyìn. Ńṣe ni wọ́n ń to ohùn méjìlá tó wà lórí píánò, ti kíì funfun méje àti dúdú márùn-ún, tẹ̀lé ara wọn, tí wọ́n sì ń lò ó bí wọ́n ṣe tò ó. Ohun tí mo máa ń sọ fún akẹ́kọ̀ọ́ ni pé kí wọ́n má wá orin tí wọ́n lè hùn tẹ̀lé nínú rẹ̀. Kí wọ́n fi ẹsẹ̀ gbọ́ ọ ná. Ẹni tó bá ti jó dùndún rí yóò mọ ibi tí ẹsẹ̀ ti yẹ kó balẹ̀ kí etí rẹ̀ tó gbà fún ohùn. Àwọn kan wà tí wọ́n fẹ́ràn àwọn orin ìbílẹ̀ Yorùbá tó kọ fún ohùn àti píánò jù bẹ́ẹ̀ lọ, nítorí pé wọ́n rọrùn. Lójú tèmi, àwọn tó le yìí ni wọ́n sún mọ́ ilé jù, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé wọn kò dà bí ẹni sún mọ́ ọn.

Ọdún 1970 yẹn náà ni ó kọ Chaka, ọ́pẹ́rà tó gbé ka ewì Léopold Sédar Senghor lórí ọba Zulu náà, nínú èyí tí ohun èlò òyìnbó àti ti Áfíríkà ti pàdé. Ọ́pẹ́rà ni iṣẹ́ tó ń náni lówó jù nínú iṣẹ́ yìí. Lẹ́yìn tí ìwé orin bá parí, a gbọ́dọ̀ da ti olórin kọ̀ọ̀kan kọ lọ́tọ̀, a gbọ́dọ̀ sanwó fún àwọn adánìkankọrin, fún ẹgbẹ́ akọrin, fún olùdarí àti fún gbọ̀ngàn, kí ẹnikẹ́ni tó ra tíkẹ́ẹ̀tì. Abájọ tó fi jẹ́ pé ìparí àwọn ọdún 1990 ni odindi rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ inú àwo CD, nígbà tí City of Birmingham Touring Opera kọ ọ́ lábẹ́ ìdarí Simon Halsey. Ní nǹkan bí ọgbọ̀n ọdún tó wà láàárín, kò sí owó oṣù kankan tí Chaka san.

Ohun tí Euba ṣe sí irú ìdúró bẹ́ẹ̀ ni pé ó ń dá ibi tí wọn yóò ti lu orin sílẹ̀ fúnra rẹ̀. Ní 1988 ó dá àjọ kan sílẹ̀ ní London fún orin tó ń so àṣà méjì tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ pọ̀. Lẹ́yìn náà ó ń pe àpérò ní Churchill College, Cambridge, níbi tí àwọn tí ń kọ orin láti Áfíríkà àti ẹ̀yìn odi ti ń lu orin ara wọn. Láàárín àkókò yẹn ó ti wà ní Iwalewa-Haus, ilé iṣẹ́ ọnà Áfíríkà tí yunifásítì ní ní Bayreuth, Jámánì, níbi tó ti tẹ ìwé ńlá rẹ̀ lórí dùndún jáde ní 1990, ó sì di ọ̀jọ̀gbọ́n ní Yunifásítì Pittsburgh ní 1993, ipò tó wà títí tó fi fẹ̀yìn tì ní 2011.

Nítorí náà, bí ọmọ bá ní iṣẹ́ yìí lòun yàn, kí òbí wá olùkọ́ píánò tó mọ̀ ọ́n kọ́, kí wọ́n má sì dí ọmọ lọ́wọ́ bí ó bá fẹ́ lọ jókòó ti àwọn Àyàn. Kí ọmọ ní iṣẹ́ oṣù kan tí kò jìnnà sí orin. Kò nílò ẹ̀rọ olówó iyebíye láti bẹ̀rẹ̀. MuseScore tí a fi ń kọ nóòtì sórí kọ̀ǹpútà jẹ́ ọ̀fẹ́. Kí ó kọ orúkọ àti ọdún sórí gbogbo ìwé orin rẹ̀, kí ó sì forúkọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ Musical Copyright Society Nigeria, tí ń bá àwọn tó ni orin gba owó lọ́wọ́ àwọn tó ń lò ó. Lábẹ́ òfin ẹ̀tọ́ àdàkọ tí Nàìjíríà ṣe ní 2022, orin jẹ́ ti ẹni tó kọ ọ́ ní gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀, ó sì jẹ́ ti àwọn ajogún rẹ̀ fún 70 ọdún lẹ́yìn ìparí ọdún tó kú. Bí a bá ṣírò èyí fún Euba, ẹgbẹ́ akọrin tó bá fẹ́ ṣe Chaka ní Èkó tàbí Ìbàdàn gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ gba àṣẹ lọ́wọ́ àwọn tó jogún rẹ̀, títí di ìparí ọdún 2090.