Earl Cameron

Earl Cameron (ọjọ́ 8 oṣù Kẹjọ ọdún 1917 sí ọjọ́ 3 oṣù Keje ọdún 2020) jẹ́ òṣèré sinimá àti tẹlifíṣọ̀n ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Pembroke, ní erékùṣù Bermuda, ni wọ́n bí i sí. Iṣẹ́ ọkọ̀ ojú omi ló gbé e dé London ní oṣù Kẹwàá ọdún 1939, nígbà tí Ogun Àgbáyé Kejì ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀, kò sì rí ọ̀nà padà. Abọ́ ló ń fọ̀ nílé oúnjẹ nígbà tí òṣèré kan kò yọjú nínú eré orí ìtàgé "Chu Chin Chow", tí wọ́n sì ní kó wá dí àyè rẹ̀. Lẹ́yìn ìgbà náà ló lọ kọ́ bí wọ́n ṣe ń lo ohùn lọ́dọ̀ Amanda Aldridge, ọmọ Ira Aldridge, gbajúmọ̀ òṣèré adúláwọ̀.

Ọdún 1951 lòkìkí rẹ̀ kàn, nínú "Pool of London" tí Basil Dearden darí. Johnny ló ń jẹ́ níbẹ̀, atukọ̀ tó sọ̀ kalẹ̀ ní èbúté London tó sì pàdé Pat, ọmọbìnrin òyìnbó tí Susan Shaw ṣe. Ọkàn wọn fà síra wọn. Wọ́n jọ rìn kiri ìlú, wọ́n jọ sọ̀rọ̀, ọkọ̀ Johnny sì gbéra. Kò jù bẹ́ẹ̀ lọ, síbẹ̀ fíìmù yìí ni wọ́n sábà máa ń kà sí àkọ́kọ́ nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó fi ìfẹ́ láàárín adúláwọ̀ àti òyìnbó hàn.

Ẹni tó bá bẹ̀rẹ̀ báyìí, ipò olú òṣèré ni à bá máa retí fún un. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ipa kéékèèké ló pọ̀ jù: ó kópa nínú "Simba" (1955), àti nínú "Sapphire" (1959) gẹ́gẹ́ bí dókítà tí wọ́n pa àbúrò rẹ̀. Òyìnbó ni àwọn ọlọ́pàá pe òkú ọmọbìnrin náà, àfìgbà tí ẹ̀gbọ́n adúláwọ̀ yìí wọlé dé. Orlando Martins, ọmọ Èkó, wà nínú fíìmù méjèèjì. Cameron tún ṣe Pinder nínú "Thunderball" (1965), fíìmù James Bond kan, ó sì ṣe awòràwọ̀ arìnrìn-àjò òfurufú (astronaut) nínú eré tẹlifíṣọ̀n "Doctor Who" lọ́dún 1966, nígbà tí kò wọ́pọ̀ kí wọ́n fún adúláwọ̀ nírú ipa bẹ́ẹ̀.

Ní 1979, ó kó lọ sí erékùṣù Solomon, nínú òkun Pàsífíìkì, nítorí ẹ̀sìn Bahá'í tó ń ṣe, kò sì padà títí di àárín ọdún 1990 sí 1999. Ó ti lé ní ọgọ́rin ọdún nígbà tó ṣe Zuwanie, ààrẹ apàṣẹwàá, nínú "The Interpreter" (2005). Wọ́n fi CBE, oyè ọlá ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, dá a lọ́lá ní 2009. Ó hàn fírí nínú "Inception" ní 2010. Kenilworth, ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ló kú sí, lẹ́ni ọdún 102.