Ta ló sọ pé ìlàjì owó oṣù ni ẹ̀tọ́ ẹni tí wọ́n ní kó lọ rọ́kún nílé?

Kò sí ìgbà tí ìjọba ní kí òṣìṣẹ́ kan lọ rọ́kún nílé tí ẹnì kan kò ní sọ pé: "Kó fọkàn balẹ̀, ìlàjì owó oṣù rẹ̀ á ṣáà máa wọlé. Òfin ni." Béèrè pé òfin wo, wọ́n á ní ta ni kò mọ̀ ọ́n.

Pé ẹni bẹ́ẹ̀ ṣì jẹ́ òṣìṣẹ́, ìyẹn ò yẹ kó dá àríyànjiyàn sílẹ̀ mọ́. Ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ti sọ ọ́ lọ́dún 2010 nínú ẹjọ́ tó wà láàárín Longe, ọ̀gá àgbà First Bank nígbà kan rí, àti báńkì náà. Orí owó ni wàhálà wà.

Ìwé òfin òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ ní Nàìjíríà, Public Service Rules, ya nǹkan méjì sọ́tọ̀. Nínú ẹ̀dà ọdún 2008, òfin 030404 sọ ti interdiction: bí ẹjọ́ tó lè já sí ìyọníṣẹ́ bá ti bẹ̀rẹ̀ lórí òṣìṣẹ́, akọ̀wé àgbà (permanent secretary) lè ní kó gbélé, kó máa gba owó tí kò ju ìlàjì owó oṣù rẹ̀ lọ. Òfin 030406 sọ ti suspension: bí ẹ̀rí tó kọ́kọ́ jáde bá fi hàn pé ọ̀rọ̀ wúwo, tí ire ará ìlú sì béèrè pé kó kúrò lẹ́nu iṣẹ́ lójú ẹsẹ̀, wọ́n á dá iṣẹ́ rẹ̀ dúró, wọ́n á dá owó rẹ̀ náà dúró. Kò sí ìlàjì níbẹ̀. Òfin náà tilẹ̀ kìlọ̀ pé kí wọ́n má fi suspension rọ́pò interdiction. Ta ló kà á?

Kódà ìlàjì tí wọ́n fi ń yangàn yẹn, wọn ò kà á dáadáa. "Kò gbọdọ̀ ju ìlàjì lọ" ni ìwé wí. Ibi tí owó náà lè pọ̀ dé ni wọ́n sọ. Wọn ò sọ iye tí kò gbọdọ̀ dín sí. Bí wọ́n bá fún un ní ìdá kan nínú mẹ́rin, wọn ò tíì rú òfin yẹn. O lè ṣàlàyé èyí títí ẹnu á fi máa ro ọ́, ẹni tí ò ń bá sọ̀rọ̀ á tún ní, "Ṣebí ìlàjì náà nìyẹn?" Bóyá ọ̀rọ̀ ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun lọ́dún 2015 ló kó bá wa, nígbà tí àwọn òṣìṣẹ́ kan tí kò ṣẹ ìjọba lẹ́ṣẹ̀ kankan ń gba ìlàjì owó oṣù.

Owó oṣù tí wọn ò san fún un ńkọ́? Àwọn kan ń kà á bí owó àjọ tí wọ́n máa kó láìpẹ́. Lábẹ́ interdiction, bí wọ́n bá dá a láre, wọ́n á san gbogbo rẹ̀. Bí wọ́n bá yọ ọ́ níṣẹ́, kò ní rí kọ́bọ̀. Bó bá jẹ̀bi ṣùgbọ́n tí wọn ò yọ ọ́, ìyẹn dọwọ́ àjọ tó ń rí sí ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀: wọ́n lè dá díẹ̀ padà. Ìwé náà ní kí gbogbo ìgbẹ́jọ́ parí láàárín ọjọ́ 60, àyàfi bí ọ̀rọ̀ bá kan ìwà ọ̀daràn. Ọjọ́ 60 inú ìwé àti ọjọ́ 60 inú ọ́fíìsì kì í sábà dọ́gba.

Ẹ má sì torí àìrówó wá iṣẹ́ mìíràn. Òfin orílẹ̀-èdè ọdún 1999 kò gba òṣìṣẹ́ ìjọba ọlọ́jọ́ gbogbo láyè láti ṣe òwò tara rẹ̀, àyàfi iṣẹ́ àgbẹ̀. Òṣìṣẹ́ sì lẹ ṣì jẹ́. Ẹ ra ọkọ́.

Mi ò ní ìlàjì ò tọ́ sí ẹnikẹ́ni o. Òfin ti ìpínlẹ̀, yunifásítì tàbí ọlọ́pàá lè yàtọ̀, National Industrial Court, ilé ẹjọ́ tó ń gbọ́ ẹjọ́ òṣìṣẹ́, sì ti dá àwọn tí wọ́n dá owó wọn dúró láìsí òfin tó fàyè gbà á láre rí. Ẹ̀dà Public Service Rules ti ọdún 2021, tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní oṣù keje ọdún 2023, ti yí àwọn nọ́ńbà padà, nítorí náà ẹ má fi nọ́ńbà tí mo kọ yìí jà níwájú ọ̀gá yín. Bí lẹ́tà bá dé, ẹ wò ó bóyá interdiction ni tàbí suspension, ẹ wo òfin tí wọ́n tọ́ka sí, kí ẹ sì wo ẹni tó fọwọ́ sí i, torí kì í ṣe gbogbo òṣìṣẹ́ ni akọ̀wé àgbà ní agbára láti dá dúró.