Ẹ Bi Mí Nípa Ọwọ́, Ẹ Fi Iná Búlúù Sílẹ̀

Èmi ni mo máa ń kọ́ ibi tí wọ́n ti ń ya fíìmù. Ẹni kẹta lóṣù yìí rèé tó fi àwòrán ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp: inú ọkọ̀ tó ń lọ sí òṣùpá, iná búlúù yí ògiri po, fọ́ìlì mọ́ínmọ́ín bo gbogbo rẹ̀. "Ẹ̀gbọ́n, ẹ bá wa kọ́ irú èyí." Mo ní ta ló ń wà á, níbo ló ń jókòó sí, kí ni ọwọ́ rẹ̀ ń tẹ̀? Kò mọ̀. Wọ́n ti sọ fún un níbì kan pé bí iná ò bá ti jẹ́ búlúù, òǹwòran ò ní gbà pé ayé ọ̀la ni. Ta ní ń kọ́ àwọn ọmọ yìí?

Ọwọ́ ni mo fi ń bẹ̀rẹ̀ tèmi. Ẹ wo etí ilẹ̀kùn dánfó níbi tí kọ̀ndọ́ ń dì mú: ọ̀dà ti bó, irin ń dán bíi ṣíbí. Ọkọ̀ òfurufú náà gbọ́dọ̀ ní irú ibẹ̀. Tí wọ́n bá kùn ún tán, tí gbogbo èèyàn ń pariwo pé ó rẹwà, ìgbà yẹn ni mo máa mú sáńpépà, màá fi ha ibi tí awakọ̀ ń dì mú. Màá wá po ọ̀dà dúdú mọ́ omi, màá kùn ún wọ kọ̀rọ̀ àti ìdí ìṣó, màá fi àkísà nù ún kó tó gbẹ. Ìdọ̀tí tó bá ṣẹ́kù, òun ni kámẹ́rà fẹ́ràn. Àwọn ọmọ iṣẹ́ mi a máa bú mi lábẹ́lẹ̀. Wàhálà tiwọn nìyẹn.

Matt Jefferies, tó ya ọkọ̀ Enterprise fún Star Trek ti 1966, eré tẹlifíṣàn Amẹ́ríkà nípa àwọn tó ń fi ọkọ̀ rìn láàárín ìràwọ̀, jẹ́ kí ìta ọkọ̀ náà dán, nítorí ó gbà pé ẹ̀rọ tó lè bàjẹ́, inú ló yẹ kó wà, níbi tí ọwọ́ atúnṣe ti lè tó o. Ilẹ̀kùn tó ń ṣí fúnra rẹ̀ nínú eré yẹn ńkọ́? Èèyàn ló ń fà á lẹ́yìn ògiri.

Nínú Star Trek ti 1987, àwòrán tí Michael Okuda ṣe sára ike, tí iná ń tàn lẹ́yìn rẹ̀, ló di ojú kọ̀ǹpútà. Ọ̀gbẹ́ni kan wá lọ ṣe ẹ̀dà rẹ̀ fún àwọn kan níbí. Gílóòbù tó ń gbóná ló tò sẹ́yìn ike, kò dá ihò kankan sí i tí ooru lè gbà jáde. Wọ́n pè mí kí n wá wò ó lálẹ́ ọjọ́ tó ṣáájú iṣẹ́. Mo gbọ́ òórùn ọ̀rá tó ń jó. Mo gbé àtẹ́lẹwọ́ lé ògiri, mi ò lè kà dé mẹ́ta. Ike ti wú bí àkàrà inú epo. Mo ní kí wọ́n pa iná kíá. Wọ́n pa á, ni ilẹ̀kùn bá há mọ́ wa, nítorí ẹ̀rọ tó ń lo iná ló fi ń ṣí i. Èèyàn mẹ́sàn-án ló wà nínú òkùnkùn. Káfíńtà kan ló fi òòlù fọ́ ògiri plywood tí a fi jáde.

Níta, ọ̀gbẹ́ni yìí ń bi mí ta ló máa sanwó fọ́ìlì òun tó ya.