Wọ́n Ní Kẹ́ Ẹ Pa Antivirus, Ẹ sì Pa Á

Ọ̀rọ̀ kan náà ni àwọn tó fi géèmù crack, ìyẹn èyí tí wọ́n já agádágodo rẹ̀ kí wọ́n má baà sanwó, sórí kọ̀ǹpútà tí wọ́n ń gbé wá fún àtúnṣe máa ń sọ: "Àlàyé tó bá géèmù náà wá ló ní kí n kọ́kọ́ pa antivirus." Ẹ sì pa á, ètò tó ń ṣọ́ kọ̀ǹpútà yín lọ́wọ́ fáírọ́ọ̀sì! Ta ló ń yọ ilẹ̀kùn ilé rẹ̀ nítorí pé àlejò àìmọ̀ ní ó ń dí òun lọ́nà?

Òtítọ́ díẹ̀ ló jẹ́ kí ẹ̀tàn yìí rọrùn. Ẹni tó fẹ́ já agádágodo géèmù ní láti tún fáìlì tó ń mú un ṣiṣẹ́ (.exe tàbí .dll) ṣe. Fáìlì tí wọ́n bá tú bẹ́ẹ̀ lè jọ fáírọ́ọ̀sì lójú antivirus, kódà bí kò bá sí nǹkan burúkú nínú rẹ̀. Ẹ̀yìn ariwo asán yẹn gan-an ni olè ń sá pamọ́ sí. Ẹni tó bá sọ fún yín pé "bí gbogbo crack ṣe ń ṣe nìyẹn, má dá a lóhùn" kò mọ iṣẹ́.

Ẹ tún ń sọ pé orúkọ ẹgbẹ́ ńlá tó ń já géèmù wà lára rẹ̀. Ta ni kò lè kọ orúkọ? Razor 1911 bẹ̀rẹ̀ ní Norway ní 1985, Fairlight ní Sweden ní 1987. Ògo ẹni tó kọ́kọ́ já a ni irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ ń dù. Orí sáfà ìkọ̀kọ̀ ni iṣẹ́ wọn ń kọ́kọ́ dé, pẹ̀lú NFO, fáìlì ọ̀rọ̀ kékeré tí wọ́n fi ń yangàn. Ẹlòmíràn ló gbé e wá fún yín, ẹ ò sì mọ iye ọwọ́ tó ti gbà kọjá.

Ní 2021, Avast, ilé-iṣẹ́ tó ń ṣe antivirus, tú àṣírí fáírọ́ọ̀sì kan tí wọ́n ń pè ní Crackonosh, tó ń bá géèmù crack wọlé. Ó ti wọ kọ̀ǹpútà tó lé ní 222,000. Á tan kọ̀ǹpútà sínú Safe Mode, ìyẹn ipò àtúnṣe Windows, níbi tí antivirus kì í ti í ṣiṣẹ́, á pa Defender, antivirus tó bá Windows wá, rẹ́, á fi àmì àwọ̀ ewé irọ́ dípò rẹ̀, á wá máa fi agbára ẹ̀rọ oníẹ̀rọ wa Monero, owó orí íntánẹ́ẹ̀tì.

Fáírọ́ọ̀sì tó ń jí kúkì ló burú jù. Kúkì ni fáìlì kékeré tí ìkànnì fi ń rántí pé ẹ ti wọlé. Ẹni tó bá jí i lè wọlé láìlo ọ̀rọ̀ aṣínà tàbí kóòdù orí fóònù. Ìṣẹ́jú díẹ̀ tó fún un. Nítorí náà, "mo ti yọ géèmù náà kúrò" kò tún nǹkan kan ṣe.

Bí ẹ bá ti fi irú géèmù bẹ́ẹ̀ sórí kọ̀ǹpútà yín, ẹ já íntánẹ́ẹ̀tì rẹ̀. Lórí ẹ̀rọ mìíràn, ẹ yí ọ̀rọ̀ aṣínà ímeèlì padà ṣáájú ti ibòmíràn, kí ẹ sì jáde kúrò lórí gbogbo ẹ̀rọ. Ẹ kó ìwé àti àwòrán yín nìkan, kò gbọdọ̀ sí .exe kankan níbẹ̀. Lórí kọ̀ǹpútà tó mọ́, ẹ fi Windows sórí flash 8GB, kí ẹ pa gbogbo partition (ìpín) inú dísíìkì kọ̀ǹpútà tó ní àrùn náà rẹ́ kí ẹ tó fi tuntun sí i. Flash tí ẹ fi gbé géèmù náà kọ́ o.